Ẹwìrì Tó Ń Jagun Lójú Ọ̀run

Ẹni tó bá fẹ́ bí mi nínú lọ́fẹ̀ẹ́, kó sọ fún mi pé ìtàn Yorùbá tí kò ní oògùn nínú kò tíì pé. Olóòtú ilé ìtẹ̀wé kan ní Ìbàdàn ló sọ bẹ́ẹ̀ fún mi lórí fóònù ní ọ̀sán ọjọ́ Sátidé kan, nígbà tí mò ń lọ aṣọ iṣẹ́ mi. Mo gbàgbé áyọ́ọ̀nù sórí bùláòsì, ó sì jó o dé orí tábìlì. Mo ṣì ní bùláòsì náà nílé. Mi ò tíì dárí ji ọkùnrin náà.

Físíìsì ni mò ń kọ́ àwọn ọmọ ilé ìwé girama ní Ìjẹ̀bú-Òde. Tí mo bá ti máàkì iṣẹ́ wọn tán, tí orí ń fọ́ mi nítorí ohun tí wọ́n kọ, mo máa ń ṣí ìwé kan tí mo ti ń kọ ìtàn sí láti nǹkan bí ọdún mẹ́rin. Ìtàn ayé kan tí kò ní ilẹ̀ ni. Orí àwọn àpáta tó so rọ̀ nínú òfurufú ni àwọn èèyàn ibẹ̀ ń gbé. Okùn ni wọ́n fi so ilé mọ́ àpáta, okùn ni wọ́n fi so àpáta kan mọ́ èkejì, ọkọ̀ tí wọ́n ta aṣọ sí lórí ni wọ́n sì fi ń lọ síbi tó bá jìnnà. Àwọn ará òkè ní ọkọ̀ ńláńlá. Wọ́n máa ń sọ̀ kalẹ̀ wá kó omi òjò tí àwọn ará ìsàlẹ̀ gbà pamọ́. Kò sẹ́ni tó lè fi iná jagun níbẹ̀, torí okùn ló gbé gbogbo wọn ró, ẹni tó bá sì dáná sun okùn ọ̀tá ti dáná sun tirẹ̀ náà.

Kí wá ni àwọn ará ìsàlẹ̀ ní tí wọ́n lè fi jà? Afẹ́fẹ́ nìkan. Torí náà ni mo ṣe ohun ìjà kan fún wọn. Àpò awọ ńlá méjì ni, wọ́n gbé e sí iwájú ọkọ̀, ọ̀pá kan dúró lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan, àwọn méjèèjì sì pàdé ní ẹnu kan tí wọ́n fi amọ̀ mọ. Tí èèyàn bá fa ọ̀pá sókè, awọ á gba afẹ́fẹ́ sínú. Tó bá tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, afẹ́fẹ́ á gba ẹnu amọ̀ jáde, á lọ gbá aṣọ ọkọ̀ ọ̀tá, ọkọ̀ á sì dojú dé. Ẹwìrì ni mo pè é, torí pé inú ìwé kan tí a fi ń kọ́ àwọn ọmọ ni mo ti rí àwòrán ẹwìrì tí alágbẹ̀dẹ fi ń fẹ́ná, mo kàn sọ ọ́ di ńlá ni. Obìnrin kan ló ń lò ó nínú ìtàn mi. Kò ní agbára kankan ju apá rẹ̀ méjèèjì lọ. Mo fẹ́ràn obìnrin yẹn gan-an.

Olóòtú náà ní òun fẹ́ràn ìwé náà. Àmọ́ ẹwìrì yẹn kò wọ̀ ọ́ létí.

"Ẹ jẹ́ kí n bá yín sọ òótọ́, mà," ló wí. "Ta ló máa gbà pé awọ ẹran lè dojú ọkọ̀ ogun dé? Ẹ fún obìnrin yẹn ní ọfọ̀. Kó pe afẹ́fẹ́, kí afẹ́fẹ́ dá a lóhùn. Ohun tí àwọn tó ń ka ìtàn Yorùbá ń wá nìyẹn."

"Tí mi ò bá fún un ńkọ́?"

"A ò ní lè tẹ̀ ẹ́, mà. Ẹ ronú sí i, kí ẹ fún mi lésì kí oṣù yìí tó parí."

Ohun tó wà níwájú mi nìyẹn: kí n gba ohun ìjà lọ́wọ́ àwọn èèyàn mi kí ìwé lè jáde, tàbí kí ìwé máa gbé inú dúrọ́ọ̀ títí ayé. Mi ò bá ọfọ̀ jà o. Àwọn tó mọ̀ ọ́n kọ ń kọ ọ́, ó sì ń dùn ún kà. Ohun tó ká mi lára ni pé, bí òyìnbó bá kọ ọ́ pé èèyàn fi irin àti omi gbígbóná wa ọkọ̀ lójú ọ̀run, wọ́n á ní orí rẹ̀ pé. Bí èmi bá kọ ọ́ pé àwọn èèyàn wa jókòó, wọ́n ronú, wọ́n fi ọwọ́ ara wọn ṣe ẹ̀rọ, wọ́n á máa wo ẹ̀yìn mi, wọ́n á ní oògùn rẹ̀ dà.

Ní ọjọ́ Àìkú, mo gbé ẹjọ́ náà lọ sọ́dọ̀ màmá mi.

Aṣọ ni màmá mi ń tà. Aṣọ funfun ló pọ̀ jù níbẹ̀: léèsì, jalamíà, ìborùn àwọn tó ń lọ Mẹ́kà. Ìdílé bàbá mi ti ń ta aṣọ ní Ìjẹ̀bú-Òde láti ìgbà tí ẹnikẹ́ni ò rántí mọ́. Mùsùlùmí ni wọ́n, oníṣòwò ni wọ́n, wọn kì í sì í jẹ́ kí èèyàn gbàgbé. Nínú gbogbo wọn, màmá mi tó jẹ́ ìyàwó ilé ló mọ́ tónítóní jù. Kò gbà kí a fi èédú dáná nínú ilé rí. Tí àbàwọ́n dúdú tí kò ju ojú abẹ́rẹ́ lọ bá kan aṣọ rẹ̀, á pa ohun tó ń ṣe tì, á lọ fọ̀ ọ́. Fáàrí la pè é nígbà tí a wà ní kékeré, a sì máa ń sín in jẹ lẹ́yìn rẹ̀.

Nígbà tó kírun aláàsárì tán, ó jókòó sórí ẹní, ó ní kí n ka ibi tí wọ́n ń ṣe aáwọ̀ lé lórí yẹn fún òun. Ojú rẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ ríran mọ́. Mo ka ibi tí mo fẹ́ràn jù. Ọkọ̀ mẹ́ta ti yí obìnrin mi ká. Ó di ọ̀pá méjèèjì mú, ó fa méjèèjì sókè lẹ́ẹ̀kan náà, ó sì fi gbogbo ara tẹ méjèèjì mọ́lẹ̀. Ọkọ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta dojú dé. Mo pa ìwé dé, mò ń retí kó yìn mí.

"Irọ́ ni," ni màmá mi wí.

Inú bí mi. "Màmá, ẹ̀yin náà? Ìtàn ni, ẹ jọ̀ọ́. Ayé tí mo fúnra mi dá sílẹ̀ ni."

"Mo ti gbọ́. Àpáta lè so rọ̀, ìyẹn ò kàn mí. Àmọ́ a kì í tẹ ẹwìrì méjèèjì pọ̀. Ìwọ tó o kọ ọ́, o ò fẹ́ ẹwìrì rí."

"Ta ló wá fẹ́ ẹ rí nínú ilé yìí?"

Ó ní kí n na ẹsẹ̀ mi méjèèjì. Ó gbé àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ lé orúnkún mi ọ̀tún àti òsì, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ̀ wọ́n, ọwọ́ kan ń lọ sílẹ̀, èkejì ń gòkè, kò sáré, kò dúró. Mo mọ màmá mi sí ẹni tó máa ń ní kí n bá òun gbé garawa omi. Ọwọ́ tó wà lórí orúnkún mi lọ́jọ́ náà kì í ṣe ọwọ́ ẹni tí garawa omi ń wúwo fún.

"Bí ọ̀kan ṣe ń jáde ni èkejì ń wọlé," ló ń wí. "Afẹ́fẹ́ kò gbọ́dọ̀ já. Tó o bá tẹ méjèèjì pọ̀, wàá jọ gbé méjèèjì sókè náà ni. Tó o bá sì jọ gbé wọn sókè, kí ni wọ́n máa fà? Wọ́n á fa iná wọ inú ara wọn. Awọ á jó. Bàbá mi á sì nà ẹ́."

Àgbẹ̀ ni wọ́n sọ fún wa pé bàbá rẹ̀ jẹ́, ní Ìjẹ̀bú-Ìmùṣin. Ó ti kú kí wọ́n tó bí mi. Mo rán màmá mi létí ohun tó sọ fún wa.

"Alágbẹ̀dẹ ni," ló wí, ohùn rẹ̀ lọ sílẹ̀ bíi ti ẹni tó ń dárúkọ àìsàn.

Lẹ́yìn náà ló wá sọ ọ́ fún mi. Òun ni àkọ́bí, wọn ò sì tètè bí ọkùnrin tẹ̀ lé e. Láti ìgbà tí ọwọ́ rẹ̀ ti tó ọ̀pá ẹwìrì ni bàbá rẹ̀ ti gbé e síbẹ̀, ibẹ̀ ló sì wà títí ó fi lọ sílé ọkọ. Àwọn àpá kéékèèké tó wà ní ẹsẹ̀ rẹ̀, tó sọ fún wa pé òróró gbígbóná ló ta sí òun, iná irin ló dá wọn síbẹ̀. Ọjọ́ tí bàbá mi mú un wọlé, àwọn obìnrin ilé ọkọ gba ọwọ́ rẹ̀ kí wọ́n lè kí i dáadáa, wọ́n yí i, wọ́n sì wo abẹ́ èékánná rẹ̀. Ó gbọ́ tí ọ̀kan nínú wọn sọ ọ́ lẹ́yìn ilẹ̀kùn pé ọwọ́ èyí yóò ba aṣọ ọjà jẹ́. Láti ọjọ́ náà ló ti di ọmọ àgbẹ̀. Bàbá mi nìkan ló mọ̀, bàbá mi ló sì ní kó má sọ fún ẹnikẹ́ni.

Mo sunkún díẹ̀, inú sì tún ń bí mi. Gbogbo bí mo ṣe ń fọ́nnu kiri pé mo ti inú àwòrán kan dá ohun ìjà sílẹ̀! Mo dé ilé, mo tún ìwé ẹ̀kọ́ tí mo ti rí àwòrán yẹn ṣí. Ọ̀pá méjèèjì wà ní ọgbọọgba nínú àwòrán náà, ọwọ́ méjèèjì lọ sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹni tó yà á kò jókòó sí àgbẹ̀dẹ rí. Èmi tí mo ń fi físíìsì jẹun sì gbà á bó ṣe rí, mi ò bi í léèrè ọ̀rọ̀ kan.

Nígbà tí mo padà débẹ̀ ní ọjọ́ kejì, mo bi màmá mi pé kí ni kí n sọ fún olóòtú.

"Sọ fún un pé ọwọ́ ni," ló wí. Ó ronú díẹ̀. "Kò ní gbà. Jẹ́ ká fi hàn án."

Àbúrò rẹ̀ ọkùnrin tí wọ́n bí gbẹ̀yìn ṣì ń rọ ọkọ́ àti àdá ní Ìmùṣin. Èmi mọ̀ ọ́n sí ẹni tó máa ń wá bá wa jó irin géètì, mi ò mọ̀ pé iṣẹ́ ilé ló ń ṣe. Fáànù iná mànàmáná ló fi ń fẹ́ná báyìí. Ó ní ẹwìrì bàbá àwọn wà lókè àjà, igi rẹ̀ kò bàjẹ́, àmọ́ eku ti jẹ awọ rẹ̀ tán. Awọ wá di wàhálà. Ta ló ń bó ewúrẹ́ ní ilẹ̀ yìí? Gbogbo alápatà tí mo bá ló ní iná ni àwọn fi ń wi irun rẹ̀, kí èèyàn lè jẹ awọ pọ̀ mọ́ ẹran. Ọ̀kan nínú wọn bi mí bóyá ara mi yá.

Màmá mi ló yanjú rẹ̀. Ó ti ní kí wọ́n bó awọ àgbò Iléyá rẹ̀, ó ti sá a gbẹ, ó fẹ́ máa fi kírun. Ó rẹ ẹ́ sínú omi, ó fi àdí pa á títí ó fi rọ̀, ó ká a sínú ọ̀rá, ó ní ká máa lọ. Ó ní òun ní ẹní tí òun lè kírun lé.

Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, a dé Ìmùṣin láàárọ̀. Mo rò pé á pààrọ̀ aṣọ. Léèsì funfun ló wọ̀, kò sì bọ́ ọ. Òun àti àbúrò rẹ̀ kan awọ mọ́ igi, wọ́n mọ ẹnu amọ̀ sí i. Èmi ta okùn láàárín òpó méjì, mo so ọkọ̀ kéékèèké mẹ́fà rọ̀ sórí rẹ̀, bébà ni mo fi ṣe ara wọn, àjákù léèsì ṣọ́ọ̀bù ni mo ta sí wọn lórí. A kò dáná rárá. Ogun ayé mi kò fẹ́ iná.

Èmi ni mo kọ́kọ́ gbìyànjú, lọ́nà tí mo kọ ọ́ sínú ìwé. Mo gbé ọ̀pá méjèèjì sókè, mo sì tẹ méjèèjì mọ́lẹ̀. Àwọn ọkọ̀ náà fò sẹ́yìn, ọkàn mi dùn. Nígbà tí mo tún gbé ọ̀pá sókè, wọ́n padà wálé pẹ̀lú àlàáfíà. Mo ṣe é títí èjìká fi ń ro mí, ọkọ̀ kan kò dojú dé. Àbúrò màmá mi rẹ́rìn-ín títí ó fi di òpó mú.

"Dìde níbẹ̀," ni màmá mi wí.

Kí ó tó bẹ̀rẹ̀, ó kìlọ̀ fún mi pé kí n má bá òun sọ̀rọ̀. Ní àgbẹ̀dẹ bàbá rẹ̀, ẹni tó bá ń fẹ́ ẹwìrì kì í dá ẹnikẹ́ni lóhùn. Bí àlejò pàtàkì bá wọlé, ẹni tó ń rọ irin ni kó kí. Ẹni tó ń fẹ́ ẹwìrì ń ka ọwọ́ rẹ̀ lábẹ́ ètè, iye ìgbà tó lọ tó bọ̀, tó bá sì lanu, á ṣì í kà, iná á rẹlẹ̀.

Ó di ọ̀pá mú. Ọ̀tún lọ, òsì bọ̀. Afẹ́fẹ́ tó jáde kò tilẹ̀ le tó tèmi, àmọ́ kò dẹwọ́. Àwọn ọkọ̀ náà tẹ̀ sẹ́yìn, wọn kò rí àyè padà, wọ́n tún tẹ̀ sí i. Ètè màmá mi ń mì wúyẹ́wúyẹ́. Eruku èédú ọdún gbọọrọ ń jáde lára igi, ó ń bà lé léèsì, kò wò ó. Ọkọ̀ kìíní dojú dé, lẹ́yìn náà ìkẹta, lẹ́yìn náà gbogbo wọn. Mo gbé fóònù mi dání, mo ń ya fídíò. Mi ò rí màmá mi bẹ́ẹ̀ rí láyé mi. Ìdùnnú tó wà lójú rẹ̀ pọ̀ débi pé ó fẹ́ jọ ìbínú.

Mo fi fídíò náà ránṣẹ́ sí olóòtú. Ní ọjọ́ Ajé, mo gba ọ̀dọ̀ màmá mi kọjá nígbà tí ilé ìwé parí. Àwọn obìnrin méjì ń yẹ léèsì wò nínú ṣọ́ọ̀bù. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi obìnrin jókòó sórí àga lẹ́nu ọ̀nà, bó ṣe máa ń ṣe ní ọ̀pọ̀ ọ̀sán. Bí mo ṣe jókòó ni olóòtú pè. Màmá mi ní kí n gbé e sí gbangba kí òun lè gbọ́.

"Fídíò yẹn dára, mà," ni ohùn ọkùnrin náà wí, inú rẹ̀ dùn. "Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo wò ó. Ẹ wo ẹnu Màmá yẹn bó ṣe ń mì. Ọfọ̀ nìyẹn, mà. Ohun tí mo ti ń bá yín sọ láti ọjọ́ yìí nìyẹn. Ẹ bá mi bi wọ́n ohun tí wọ́n ń pè, kí ẹ kọ ọ́ síbẹ̀, ìwé ti pé."

Mi ò tíì lanu tí màmá mi ti na ọwọ́ gba fóònù.

"Ẹ káàsán, ọ̀gá. Èmi ni màmá inú fídíò."

"Á, Màmá. Ẹ káàsán, mà."

"Mi ò pe nǹkan kan. Mò ń ka ọwọ́ mi ni, kí n má baà ṣì í. Ọmọ alágbẹ̀dẹ Ìmùṣin ni mí. Èmi ni mo fẹ́ ẹwìrì bàbá mi títí mo fi lọ sílé ọkọ. Ọkọ́ tí wọ́n fi ń roko ní gbogbo agbègbè yẹn, afẹ́fẹ́ ọwọ́ mi ló rọ̀ ọ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gba iṣẹ́ ọwọ́ mi fún oògùn. Mo ṣiṣẹ́ náà ni."

Ọkùnrin náà ní òun bọ̀wọ̀ fún Màmá, àmọ́ ọjà ni ìwé, ohun tí oníbàárà ń fẹ́ ni àwọn ń tẹ̀. Ó ní tí kò bá sí àyípadà, kí n wá kó ìwé mi.

"Mo ti kó o, sà," ni mo wí, mo sì pa fóònù.

Mi ò kábàámọ̀ rẹ̀. Ìwé náà wà lọ́dọ̀ òǹtẹ̀wé kan ní Ìjẹ̀bú-Òde níbí, tó máa ń tẹ káàdì ìgbéyàwó àti kàlẹ́ńdà, a sì ti fẹnu kò lórí ìwọ̀nba ẹ̀dà díẹ̀. Mo tún orí yẹn kọ látìbẹ̀rẹ̀. Obìnrin mi ń fi ọwọ́ kan gbé, ó ń fi èkejì tẹ̀, ọ̀gágun rẹ̀ ń pariwo mọ́ ọn, kò dá a lóhùn. Ọkọ̀ ọ̀tá ò tètè dojú dé mọ́, ìjà náà gba ojú ìwé púpọ̀ ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Mi ò mọ ẹni tó máa rà á, mi ò sì bẹ ẹnikẹ́ni.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ nínú ṣọ́ọ̀bù lẹ́yìn tí mo pa fóònù ni mò ń rò jù. Àwọn oníbàárà méjèèjì di léèsì mú, wọn kò wò ó mọ́. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi yíjú padà lórí àga rẹ̀. Màmá mi ti ní ọmọ-ọmọ, àmọ́ ìyàwó ni obìnrin náà ṣì ń pè é.

"Ìyàwó," ló wí. "Alágbẹ̀dẹ? Gbogbo ọdún yìí, o ò sọ fún wa."

Mo rò pé màmá mi máa kúnlẹ̀, torí ó máa ń kúnlẹ̀ fún un. Ó dúró síbi tó wà, ẹ̀yìn tábìlì, pẹ̀lú téèpù ìwọnṣọ lọ́rùn.

"Ẹ wo èékánná mi lọ́jọ́ tí mo dé, ẹ̀gbọ́n ọkọ mi," ló wí jẹ́jẹ́. "Ẹ ò bi mí léèrè ẹni tí mo jẹ́."

Ó wá yíjú sí àwọn oníbàárà, ó sì bi wọ́n pé yáàdì mélòó ni kí òun gé.